DÓKÍTÀ HENRY CARR: ẸNI TÍ ÌWÉ RẸ̀ KÒ BÁ A KÚ

  

Nígbà tí ìgbìmọ̀ tó ń ṣètò ìwé ìrántí yìí ní kí n wá nǹkan kọ, ó yà mí lẹ́nu. Oníṣòwò aṣọ ni mí. Ìwé mẹ́fà ilé-ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ni mo kà tí owó fi tán, tí mo sì wọ ọkọ̀ ojú irin ní Ọ̀fà wá kọ́ ìṣòwò ní Sabon Gari níbí ní ọdún 1986. Mo mọ̀ pé àwọn mìíràn yóò fẹ́ ka ìtàn ọba tàbí ti jagunjagun. Ṣùgbọ́n ìtàn ẹnì kan tí púpọ̀ nínú àwọn ọmọ wa kò mọ̀ ni mo fẹ́ sọ, ìyẹn Dókítà Henry Carr ti ìlú Èkó, ẹni tó kó ìwé jọ tó fi jẹ́ pé lórí ìwé rẹ̀ ni a gbé ka ilé-ìkàwé yunifásítì àkọ́kọ́ ní ilẹ̀ wa.

Ìdí tí mo fi yàn án kò jìnnà. Gbogbo wa la mọ̀ pé nínú ilé ẹgbẹ́ tí a fẹ́ fi owó òní kọ́, yàrá kan wà tí a kò tíì fẹnu kò lé lórí. Àwọn kan ní kí á fi ṣe ṣọ́ọ̀bù kí á máa gba owó ilé. Àwọn kan ní kí á fi ṣe ilé-ìkàwé fún àwọn ọmọ wa. Bí ẹ bá ka ìtàn ọkùnrin yìí dé òpin, ẹ óò mọ ibi tí èmi dúró sí, ẹ óò sì mọ ìdí rẹ̀.

ÌBÍ RẸ̀ ÀTI Ẹ̀KỌ́ RẸ̀

Ọjọ́ 15 oṣù kẹjọ ọdún 1863 ni a bí Henry Rawlinson Carr sí ìlú Èkó. Ọdún méjì péré ni ó ti kọjá nígbà náà tí Gẹ̀ẹ́sì gba Èkó lọ́wọ́ Ọba Dòsùmú. Ìdílé Sàró ni ó ti wá. Àwọn Sàró ni àwọn ọmọ Yorùbá tí a ti kó lẹ́rú, tí ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì gbà sílẹ̀ lójú òkun, tí a sì kó lọ sí Freetown, pẹ̀lú àwọn ọmọ tí wọ́n bí síbẹ̀. Nígbà tó yá, púpọ̀ nínú wọn ṣẹ́rí padà wá sílé. Ìdí nìyẹn tí orúkọ òyìnbó fi pọ̀ láàrin wọn. Àwa tí a ń gbé ìlú onílùú mọ ohun tí àwọn ènìyàn bẹ́ẹ̀ ń fojú rí. Ìwé ni púpọ̀ nínú wọn fi ń ṣe ogún fún ọmọ wọn.

Ilé-ẹ̀kọ́ ìjọ Wẹ́sílì ní Olówógbowó wà lára ibi tí Carr ti kọ́kọ́ kàwé. Láti ibẹ̀, nígbà tó ṣì kéré, wọ́n fi í ránṣẹ́ lọ sí ilé-ẹ̀kọ́ gíga àwọn ọmọkùnrin ti Wẹ́sílì ní Freetown. Lẹ́yìn náà ó wọ Fourah Bay College. Kọ́lẹ́ẹ̀jì yìí kan náà, tí a dá sílẹ̀ ní 1827, ni Àjàyí Crowther ti jẹ́ akẹ́kọ̀ọ́ àkọ́kọ́. Láti 1876 ni a ti so ó mọ́ Yunifásítì Durham ní Ìlú Ọba, tó fi jẹ́ pé ẹni tó bá yege níbẹ̀, oyè Durham ni yóò gbà.

Ní 1882 Carr gba oyè B.A. nínú ìmọ̀ ìṣirò àti físíìsì, ó sì yege pẹ̀lú ìyàtọ̀. Òun ni ẹni àkọ́kọ́ tó gba irú oyè bẹ́ẹ̀ ní kọ́lẹ́ẹ̀jì náà. Kò tíì pé ọmọ 20 ọdún nígbà náà. Ó tún rékọjá lọ sí London. Ó kọ́ nípa òfin ní Lincoln's Inn, ó kọ́ iṣẹ́ olùkọ́ ní St. Mark's College ní Chelsea, ó sì kọ́ ìmọ̀ sáyẹ́ǹsì ní South Kensington. Ní 1885 ó padà sí Èkó.

IṢẸ́ TÍ Ó ṢE

CMS Grammar School ní Èkó ni ó ti kọ́kọ́ ṣe olùkọ́. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi ọ̀rọ̀ kan sọ́kàn níbí: Àlùfáà T. B. Macaulay ni ó dá ilé-ẹ̀kọ́ náà sílẹ̀ ní 1859, òun sì ni bàbá Herbert Macaulay. A ó tún padà sórí ọ̀rọ̀ yìí.

Ní 1889 Carr wọ iṣẹ́ ìjọba, wọ́n sì fi í ṣe ọ̀kan nínú àwọn aṣàbẹ̀wò ilé-ìwé. Iṣẹ́ aṣàbẹ̀wò nígbà náà kì í ṣe eré. Òfin ẹ̀kọ́ ọdún 1887 sọ pé bí àwọn ọmọ bá ṣe yege sí ni ìjọba yóò ṣe fún ilé-ìwé ìjọ ní owó ìrànwọ́ sí. Nítorí náà bí aṣàbẹ̀wò bá wọlé, àyà olùkọ́ á já, nítorí pé ọwọ́ rẹ̀ ni owó wà. Carr kì í fi ojú rere ta iṣẹ́ tí kò dára. Èyí jẹ́ kí àwọn kan bọ̀wọ̀ fún un, ó sì jẹ́ kí àwọn mìíràn kórìíra rẹ̀.

Nígbà tó wà lẹ́nu iṣẹ́ ẹ̀kọ́ yìí ni ìjọba dá ilé-ìwé sílẹ̀ fún àwọn ọmọ Mùsùlùmí ní Èkó ní 1896, nítorí pé ọ̀pọ̀ òbí Mùsùlùmí kò fẹ́ kí ọmọ wọn lọ sí ilé-ìwé ìjọ kí wọ́n má bàa sọ ọ́ di onígbàgbọ́. Ní 1908, nígbà tó ń ṣe adelé ọ̀gá àgbà ẹ̀kọ́ fún Gúúsù Nàìjíríà, ó gba Gómìnà Egerton nímọ̀ràn pé kí ìjọba dá ilé-ẹ̀kọ́ gíga tirẹ̀ sílẹ̀. Ìmọ̀ràn yẹn ni ó bí King's College ní Èkó ní 1909. Gbogbo ẹni tó bá ti ibẹ̀ jáde, yálà ó mọ orúkọ Carr tàbí kò mọ̀ ọ́n, ó jẹ ẹ́ ní gbèsè ọpẹ́.

Ó ń gòkè títí, ó di ọ̀gá àwọn aṣàbẹ̀wò ilé-ìwé fún apá Gúúsù. Ní 1918 ìjọba fi í ṣe Rẹ́sídẹ́ǹtì Èkó. Lára àwọn ipò tó ga jù lọ tí ènìyàn dúdú dé nínú iṣẹ́ ìjọba láyé ìgbà náà ni. Ó fẹ̀yìn tì ní 1924.

ÌJÀ ÒUN ÀTI MACAULAY

A kì í sọ ìtàn ènìyàn kí á sọ kìkì rere rẹ̀. Ipò Rẹ́sídẹ́ǹtì yìí ni ó kó Carr sínú ìjà. Àsìkò yẹn ni ọ̀rọ̀ ilẹ̀ àti ọ̀rọ̀ Ẹlẹ́kọ̀ Èṣùgbàyí gbóná ní Èkó. Ní 1920 Herbert Macaulay bá Olóyè Àmọ́dù Tìjání Olúwa lọ sí London lórí ẹjọ́ ilẹ̀ Àpápá, wọ́n sì jàre ìjọba ní 1921. Inú ìjọba kò dùn sí Ẹlẹ́kọ̀ nítorí ọ̀rọ̀ ọ̀pá àṣẹ rẹ̀ tí Macaulay gbé lọ sí òkèèrè. Carr ni ojú ìjọba ní Èkó. Ẹ̀yìn ìjọba ni ó dúró sí, ọ̀pọ̀ mẹ̀kúnnù Èkó sì kà á sí ẹni tó tà wọ́n.

Macaulay kò fi bò. Ó kọ ìwé pélébé kan tí ó pe orúkọ rẹ̀ ní Henry Carr Must Go. Orúkọ ìwé náà tó ìwé lọ́tọ̀. Ẹ wá wo bí ayé ṣe rí: Carr ti ṣe olùkọ́ ní ilé-ẹ̀kọ́ tí bàbá Macaulay dá sílẹ̀; ọmọ Sàró ni àwọn méjèèjì; wọ́n fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ ẹgbẹ́, nítorí 1864 ni a bí Macaulay; ìwé ni àwọn méjèèjì sì fi di ènìyàn. Síbẹ̀ wọn kò lè jẹun nínú àwo kan. Carr gbà pé ẹ̀kọ́ àti sùúrù ni yóò gbé ènìyàn dúdú ga lábẹ́ ìjọba. Macaulay gbà pé bí a kò bá pariwo, wọn yóò máa tẹ̀ wá mọ́lẹ̀ lọ ni. Nínú ọ̀rọ̀ ilẹ̀ àti ti Ẹlẹ́kọ̀, mo rò pé Macaulay ni ó jàre. Ṣùgbọ́n ohun tí Carr fi ọwọ́ kejì ṣe, Macaulay kò lè lé e lọ.

ÌWÉ RẸ̀

Láti ìgbà èwe rẹ̀ ni Carr ti ń ra ìwé. Nígbà tó jẹ́ ọ̀dọ́ kò sí ilé-ìkàwé ńlá kan ní Èkó tí ènìyàn lè wọ̀ lọ ka ohun tó wù ú. Ẹni tó bá fẹ́ ìwé yóò kọ lẹ́tà sí òkèèrè, yóò fi owó ránṣẹ́, yóò sì máa retí ọkọ̀ ojú omi. Bí Carr ti ń ṣe nìyẹn lọ́dọọdún, títí ìwé fi kún ilé rẹ̀. Àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ń ra ilẹ̀, wọ́n ń kọ́ ilé alájà, wọ́n ń ṣe ìnáwó. Ìwé ni òun ń rà.

Nígbà tí ó kú ní 1945, lẹ́ni ọdún 81, ìwé tó wà nílé rẹ̀ tó bíi 18,000. Mo jókòó ní ṣọ́ọ̀bù mi mo ṣírò rẹ̀. Bí ènìyàn bá ń ka ìwé kan lójúmọ́, tí kò sinmi ọjọ́ kan, yóò lo ọdún 49 kí ó tó kà wọ́n tán. Nítorí náà kì í ṣe fún ara rẹ̀ nìkan ni ó ń kó wọn jọ. Ẹni tí ń gbin obì mọ̀ pé ẹlòmíràn ni yóò pa á jẹ.

Níbi ikú rẹ̀ gan-an ni ọ̀rọ̀ yìí ti kan àwa ará Sabon Gari. Ẹ jẹ́ kí n fi ìtàn kan tó ṣẹlẹ̀ lójú mi ṣe àpẹẹrẹ.

Olùkọ́ àgbà kan gbé àdúgbò wa rí, n kò ní dárúkọ rẹ̀. Ó ti fẹ̀yìn tì, ìwé sì kún yàrá rẹ̀ dé àjà. Ó máa ń jókòó síta nírọ̀lẹ́, yóò máa bi àwọn àgbà tó bá ń kọjá ní ìbéèrè: ọdún wo ni bàbá wọn dé Kano, ọkọ̀ wo ni ó wọ̀ wá, ta ni ó kọ́kọ́ gbà á sílé. Ohun tí wọ́n bá sọ, yóò kọ ọ́ sínú ìwé àjákọ. Nígbà tí ó kú, àwọn ọmọ rẹ̀ wá láti ibi iṣẹ́ wọn lókèèrè. Wọ́n sin bàbá wọn dáadáa, wọ́n pa màlúù, a jẹ, a mu. Nígbà tí wọ́n fẹ́ kó ẹrù kúrò nílé onílé, wọ́n wọn ìwé bàbá lórí òṣùwọ̀n, wọ́n sì tà á fún ẹni tó ń ra pépà. Èmi náà wà níbẹ̀. Mo ń wò wọ́n, n kò sọ nǹkan kan, nítorí mo rò pé pépà lásán ni.

Bí ọ̀sẹ̀ mẹ́ta lẹ́yìn náà, mo ra ẹ̀pà lọ́wọ́ ọmọ tó ń kiri. Nígbà tí mo jẹ ẹ́ tán, mo tú pépà tí wọ́n fi pọ́n ọn. Ọwọ́ bàbá olùkọ́ ni mo rí lára rẹ̀. Orúkọ àwọn ènìyàn mẹ́rin ni ó wà níbẹ̀, pẹ̀lú ìlú tí wọ́n ti wá àti ọdún tí wọ́n dé. Ọ̀kan nínú wọn ni bàbá ẹni tó kọ́ mi níṣẹ́. Mo sáré wá ọmọ ẹlẹ́pà yẹn kiri títí ilẹ̀ fi ṣú. Nígbà tí mo rí i, ó ti ta gbogbo rẹ̀ tán. Pépà kan ṣoṣo yẹn wà lọ́wọ́ mi títí di òní.

Ohun tí ìbá ṣẹlẹ̀ sí ìwé Carr náà nìyẹn. Èkó ní ẹlẹ́pà, Èkó ní ikán, òjò Èkó sì pọ̀ ju ti Kano lọ.

BÍ ÌWÉ NÁÀ ṢE DÉ ÌBÀDÀN

Orí bá àwọn ìwé náà ṣe é. Lẹ́yìn ikú rẹ̀ ìjọba ra gbogbo wọn. Ní 1948, nígbà tí a dá University College sílẹ̀ ní Ìbàdàn, ibẹ̀ ni a kó wọn lọ, wọ́n sì di ìpìlẹ̀ ilé-ìkàwé rẹ̀. Akẹ́kọ̀ọ́ 104 tí a kó wá láti Higher College ní Yábàá ni kọ́lẹ́ẹ̀jì náà fi bẹ̀rẹ̀. Ẹlẹ́yẹlé ni wọ́n kọ́kọ́ wà, nínú àwọn ilé tí àwọn ológun fi ṣe ilé ìwòsàn nígbà ogun Hitler. Ẹ fojú inú wo kọ́lẹ́ẹ̀jì tí kò ní ilé gidi, ṣùgbọ́n tí ó ti ní ẹgbẹẹgbẹ̀rún ìwé! Ẹni tó kú ní ọdún mẹ́ta sẹ́yìn ni ó pèsè wọn.

Ṣùgbọ́n òkìtì ìwé kì í ṣe ilé-ìkàwé. Ó gba kí ẹnì kan tò ó. Ẹni tí wọ́n gbà fún iṣẹ́ yìí ni John Harris, tó ti ń bójú tó ilé-ìkàwé Yunifásítì Otago ní New Zealand. Ó dé Ìbàdàn ní 1948, ó sì lo 20 ọdún níbẹ̀. Àwọn tó mọ iṣẹ́ náà ń pè é ní bàbá iṣẹ́ ilé-ìkàwé ní Nàìjíríà. Àní, nígbà tí Ọ̀jọ̀gbọ́n Kenneth Dike kúrò ní ìparí 1966, olùtọ́jú ìwé yìí ni ó ṣe adelé ọ̀gá àgbà yunifásítì náà.

Èmi tí mo ń ta aṣọ, mo ti rò rí pé kò sí iṣẹ́ nínú kí ènìyàn jókòó ti ìwé. Ọmọ mi obìnrin tó kàwé ní Ìbàdàn ni ó là mí lójú. Ẹ wò ó báyìí. Bí ìgàn aṣọ 18,000 bá wọ ṣọ́ọ̀bù yín, tí kò sí àmì lára wọn, tí kò sí àkọsílẹ̀, tí oníbàárà wá béèrè ẹyọ kan, ọjọ́ mélòó ni ẹ óò fi wá a? Ọ̀dọ̀ ẹlòmíràn ni yóò ti lọ rà á.

Nítorí náà bí ìwé bá ti ń wọlé, olùtọ́jú ìwé yóò kọ ọ́ sínú àkọsílẹ̀ ńlá, yóò lu òǹtẹ̀ sí i. Yóò yẹ̀ ẹ́ wò bóyá ọ̀rọ̀ òfin ni ó dá lé ni, tàbí ìṣègùn, tàbí ìtàn. Yóò fún un ní nọ́ńbà tí yóò mú un jókòó láàrin àwọn ẹbí rẹ̀, yóò sì lẹ nọ́ńbà náà mọ́ ọn lẹ́yìn. Yóò kọ káàdì fún orúkọ ẹni tó kọ ìwé náà, káàdì fún orúkọ ìwé, àti káàdì fún ohun tí ó dá lé, kí ẹni tó bá mọ ọ̀kan nínú mẹ́ta lè rí i. Lóde òní kọ̀ǹpútà ti gba iṣẹ́ káàdì, ṣùgbọ́n ènìyàn náà ni ó ṣì ń fi ọ̀rọ̀ sínú kọ̀ǹpútà.

Kò tán síbẹ̀. Bí ìwé kan ṣoṣo bá wà tí akẹ́kọ̀ọ́ 100 ń fẹ́ kí ìdánwò tó dé, olùtọ́jú ìwé ni yóò mú un pamọ́ sọ́dọ̀, tí yóò máa yá wọn ní wákàtí díẹ̀ díẹ̀ kí ó lè kárí. Òun ni yóò máa ṣọ́ ikán, tí yóò máa tún ìwé tó ya dì, tí yóò máa kọ̀wé ra tuntun. Bí ọmọ tí kò mọ ohun tó ń wá bá wọlé, yóò rọra fi ìbéèrè wá a títí yóò fi mọ̀ ọ́n. Olùkọ́ ń kọ́ kíláàsì kan lẹ́ẹ̀kan. Olùtọ́jú ìwé ń ran gbogbo kíláàsì lọ́wọ́, orúkọ rẹ̀ kì í sì í sí lára ìwé ẹ̀rí ẹnikẹ́ni.

Ní 1950 òfin kan jáde pé ẹni tó bá tẹ ìwé jáde ní Nàìjíríà gbọ́dọ̀ fi ẹ̀dà ránṣẹ́ sí ilé-ìkàwé Ìbàdàn yìí. Láti ìgbà náà ni wọ́n ti ń tọ́jú ìwé ńlá àti kékeré, títí kan àwọn ìwé pélébé tí à ń tà ní ọjà. Ní 1954 wọ́n kó sínú ilé tuntun tí a kọ́ fún un, èyí tó ń jẹ́ orúkọ Kenneth Dike lónìí. Ní 1960 wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí kọ́ àwọn ọmọ ilẹ̀ wa ní iṣẹ́ olùtọ́jú ìwé ní Ìbàdàn kan náà. Ní 1968 Yunifásítì Ahmadu Bello ní Zaria, ibi tí kò jìnnà sí wa níhìn-ín, náà bẹ̀rẹ̀ tirẹ̀. Láti irú ilé-ẹ̀kọ́ báwọ̀nyí ni àwọn tó ń tọ́jú ìwé ní kọ́lẹ́ẹ̀jì àti yunifásítì káàkiri ti jáde.

IBI TÍ ÀWỌN Ọ̀TÁ MÉJÌ TI PÀDÉ

Mo ní a ó padà sórí ọ̀rọ̀ Macaulay. Ní 1946, ọdún kan lẹ́yìn ikú Carr, Macaulay àti àwọn ẹgbẹ́ NCNC ń rin ìrìn-àjò yí orílẹ̀-èdè ká. Ìlú Kano wa yìí ni àìsàn ti kọ lù ú. Wọ́n gbé e padà sí Èkó, ó sì kú ní ọjọ́ 7 oṣù karùn-ún ọdún náà. Òun náà fi ìwé púpọ̀ sílẹ̀: lẹ́tà, àkọsílẹ̀ ẹjọ́, ìwé ìṣírò owó, àti ọ̀rọ̀ lórí ilẹ̀ Èkó àti ilé Dòsùmú.

Ǹjẹ́ ẹ mọ ibi tí ìwé Macaulay wà lónìí? Ilé-ìkàwé Ìbàdàn kan náà ni. Ẹni tó kọ̀wé pé kí Henry Carr máa lọ, abẹ́ òrùlé kan náà ni ìwé òun àti ìwé Carr wà. Ẹni tó bá fẹ́ mọ òótọ́ ìjà wọn yóò gbọ́ ẹnu àwọn méjèèjì, nítorí olùtọ́jú ìwé kò ṣe ẹ̀yìn ẹnì kan. Kò ju ìwé ọ̀kan sóde kí ti èkejì lè rí àyè. Bí wọ́n bá ti fi ti Carr jóná nítorí pé ó ti òyìnbó lẹ́yìn, tàbí ti Macaulay nítorí pé ó bá ìjọba jà, ìdajì ìtàn ni ọmọ wa ìbá máa kà.

Ẹgbẹ́ wa nìkọ́? Mùsùlùmí wà nínú wa, onígbàgbọ́ wà, ọmọ Ọ̀yọ́, ọmọ Ìlọrin, ọmọ Ìjẹ̀bú, ọmọ Èkìtì wà. A ti jà rí lórí ipò, a sì ti parí rẹ̀. Ìwé ìpàdé wa tó wà lọ́wọ́ akọ̀wé àtijọ́ méjì yàtọ̀ síra. Ilé kan ni ó yẹ kí àwọn méjèèjì wà.

OHUN TÍ Ó KÀN WÁ

Ọkọ̀ ojú irin dé Kano ní 1911. Ní 1913 ni a dá Sabon Gari sílẹ̀. Ó ti ju 100 ọdún lọ tí àwọn ènìyàn wa ti ń bí, tí wọ́n ń kú níbí. Ẹ béèrè lọ́wọ́ ọmọ yín kí ó fi àkọsílẹ̀ hàn yín nípa àwọn tó kọ́kọ́ dé. Èmi ní pépà ẹ̀pà kan. Kí ni ẹ̀yin ní?

Nítorí náà mo fi ìrẹ̀lẹ̀ bẹ ẹgbẹ́ wa ní nǹkan mẹ́ta.

Èkíní, kí á fi yàrá yẹn ṣe ilé-ìkàwé. Mo mọ̀ pé owó ilé ṣọ́ọ̀bù yóò máa wọlé lóṣooṣù, oníṣòwò ni mí, n kò kórìíra owó. Ṣùgbọ́n ọmọ tí ilé wọn jẹ́ yàrá kan, tí ènìyàn méje ń sùn níbẹ̀, níbo ni yóò ti kàwé fún ìdánwò? Kí ẹni tó bá ní ìwé tí kò lò mọ́ mú un wá, kí ẹni tó bá ní fọ́tò àtijọ́ àti ìwé ìpàdé mú un wá.

Èkejì, kí á gba ẹni tó kọ́ iṣẹ́ náà, kí á sì máa san owó fún un. Ọmọ wa tó kàwé olùtọ́jú ilé-ìkàwé tí kò rí iṣẹ́ ṣe, ó wà nílùú yìí. Bí a bá ra ìwé ẹgbẹ̀rún kan tí a kò sì ní olùtọ́jú, ikán ni a ra oúnjẹ fún. Ìwé Carr kò bá bọ́ bí kò bá sí ẹni tó ń nu eruku ara rẹ̀.

Ẹ̀kẹta, kí á fi ìwé ìrántí tí ẹ mú lọ́wọ́ yìí gan-an ránṣẹ́. Òfin ọdún 1970 sọ pé kí ẹni tó bá tẹ ìwé jáde fi ẹ̀dà 3 ránṣẹ́ sí Ilé-Ìkàwé Àpapọ̀ ti Nàìjíríà. Kí á fi ránṣẹ́, kí á sì fi ọ̀kan ta ilé-ìkàwé Yunifásítì Bayero lọ́rẹ níbí. Ẹ rántí iná tó jó ọjà Sabon Gari ní 2016. Nínú àwọn ọ̀rẹ́ mi, ẹni tí ìwé gbèsè rẹ̀ wà nínú ṣọ́ọ̀bù nìkan pàdánù ọjà, ó sì pàdánù gbèsè. Ẹni tó ní ẹ̀dà kejì nílé rí díẹ̀ gbà padà. Ohun tó bá wà níbi méjì kì í tètè parun.

Henry Carr ti kú láti 1945. Ìjà rẹ̀ ti tán, ipò rẹ̀ ti di ti ẹlòmíràn, àwọn tó bú u àti àwọn tó yìn ín ti sùn. Ìwé rẹ̀ ni kò bá a kú, nítorí pé ó kó wọn jọ, ìjọba rà wọ́n, olùtọ́jú ìwé sì tọ́jú wọn. Bí ọ̀kan nínú mẹ́ta yìí bá yẹ̀, ẹlẹ́pà ni ìbá jogún wọn.

Èmi ti bẹ̀rẹ̀. Mo ti fi pépà ẹ̀pà yẹn sínú ike, mo ti fún akọ̀wé ẹgbẹ́ wa, kí ó jẹ́ ohun àkọ́kọ́ tí yóò wọ yàrá náà. Kí Ọlọ́run jẹ́ kí owó tí a ó ná lónìí pọ̀ sí i lápò wa. Kí Ó dá ẹ̀mí wa sí kí á lè jùmọ̀ ṣí ilé náà. Kí àwọn ọmọ wa má sì fi ọwọ́ ara wọn wọn ìtàn wa lórí òṣùwọ̀n. Àmín.